Orúkọ Tí Ìyá Ọkọ Mi Ń Pè Mí

Ẹ kú ilé o, Màámi. Ẹ kú ilé o, Bàámi. Àsàlámù àlékùm. Mo kúnlẹ̀ kí yín láti Peckham níbí, orúnkún mi méjèèjì wà lórí kápẹ́ẹ̀tì, bí ẹnikẹ́ni bá wọlé báyìí yóò rò pé nǹkan ló bọ́ sọnù lọ́wọ́ mi tí mò ń wá a lábẹ́ àga. Mo kí Ìyá Àgbà, ṣé ẹsẹ̀ wọn ti ń fúyẹ́ díẹ̀? Mo kí Bùrọ̀dá Ráṣídì àti ìyàwó wọn. Mo kí Súlíyá àbúrò mi, kó má rò pé mo ti gbàgbé ìdánwò rẹ̀, mò ń fi àdúrà ràn án lọ́wọ́. Mo kí gbogbo ará agboolé wa ní Ìwó.

Ẹ má bínú pé inú ìwé ìròyìn ni lẹ́tà yìí ti bá yín. Fóònù ni ǹ bá fi bá yín sọ̀rọ̀, ṣùgbọ́n ọ̀sẹ̀ mẹ́ta rèé, Bàámi, tí fóònù mi ń dún lọ́wọ́ yín tí ẹ kì í gbé e. Màámi ń gbé e, àmọ́ ohun tí wọ́n máa ń sọ kò ju pé àwọn ti gbọ́, pé nẹ́tíwọ́ọ̀kì kò dára, ó dìgbà. Mo mọ ohun tí ẹ ti gbọ́. Àǹtí Sikirá, àbúrò yín, ti sọ ọ́ fún gbogbo ẹbí lórí wásáàpù, wọ́n ti sọ ọ́ fún àwọn tó ń ra wíìgì lọ́wọ́ wọn ní Catford, nígbà tí mo sì dé mọ́ṣáláṣí lọ́jọ́ Jímọ̀, ikùn mi ni àwọn obìnrin ń wò kí wọ́n tó wo ojú mi. Ohun tí wọ́n bá sọ ní gbangba, gbangba náà ni n ó ti fèsì sí i. Àǹtí ní mo dá orúkọ òkú lóhùn lẹ́bàá ibojì, pẹ̀lú oyún nínú. Bàámi, òótọ́ ni. Wọn kò purọ́ mọ́ mi. Ṣùgbọ́n ìdí ọ̀rọ̀ ni wọ́n gbé fún yín, wọn kò gbé orí rẹ̀. Ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀, lẹ́yìn náà kí ẹ dá mi lẹ́jọ́.

Inú ayọ̀ ni mo fẹ́ ti bẹ̀rẹ̀, nítorí ayọ̀ wà, Màámi, ó pọ̀ débi pé ojú ń tì mí láti kọ ọ́. Oṣù keje rèé tí wọ́n so yìgì èmi àti Gàníyù, síbẹ̀ bí mo bá jí láàárọ̀ tí mo rí i tó ń fi ọwọ́ wá ìbọ̀sẹ̀ kiri nínú òkùnkùn kó má baà jí mi, ṣe ni mo máa ń fi ìrọ̀rí bo ẹnu kí n má baà rẹ́rìn-ín sókè. Ọkọ mi ni! Èmi Kúdírátù tí wọ́n máa ń ní mo rí tẹ́ẹ́rẹ́ jù, èmi ni mo ní ọkọ tó ń wa bọ́ọ̀sì alájà méjì, tó ń se ìrẹsì tí kì í jóná, tó máa ń fi ẹ̀yìn ọwọ́ kan ẹ̀rẹ̀kẹ́ mi kó tó jáde. Yorùbá rẹ̀ kò tíì dán mọ́rán. Nírọ̀lẹ́ ọjọ́ kan tí oòrùn ti wọ̀, ó dọ̀bálẹ̀ kí Àǹtí Sikirá pé ẹ káàárọ̀ Mà. Àǹtí ní káàárọ̀ náà o, ọkọ ọmọ, ṣé o sùn dáadáa nínú bọ́ọ̀sì? Ó ní bẹ́ẹ̀ ni Mà, ó dúpẹ́ gidigidi. A rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú wa, òun náà sì ń bá wa rín in láìmọ ohun tí a ń rín.

Ṣùgbọ́n inú òtútù ni ayọ̀ ìlú yìí ń gbé. Láti oṣù Kọkànlá, aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́ ni ilẹ̀ ti ń ṣú, òjò wọn kì í sì í rọ̀ kó tán bíi tiwa, ṣe ló máa ń kán bí imú ọmọ tí kò rí ẹni nù ún. Àjà kẹrin ni fíláàtì wa wà. Ògiri yàrá ń dúdú látàrí ọ̀rinrin, a nù ún títí, ó ń padà wá. Lójoojúmọ́ mo máa ń wọ bọ́ọ̀sì lọ sí Catford, sí kíṣíìnì iléèwé kan, mo máa ń fi nẹ́ẹ̀tì bo irun, mo máa ń fọ ìkòkò tó tóbi tó èyí tí Súlíyá lè sùn sí. Owó rẹ̀ kò pọ̀, ẹ máa fara dà á fún mi. Àwọn tí a jọ ń ṣiṣẹ́ dára, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ ojú ọjọ́ nìkan ni wọ́n máa ń bá mi sọ. Àwọn ọjọ́ kan wà tí ó jẹ́ pé yàtọ̀ sí Gàníyù, kò sẹ́ni tó pe orúkọ mi láti àárọ̀ di alẹ́.

Ẹ mọ̀ pé ọmọ Ìjẹ̀bú ni Gàníyù, ṣùgbọ́n n kò ṣàlàyé fún yín tán bó ṣe dàgbà, nítorí ó máa ń dùn ún láti sọ. Nígbà tí wọ́n bí i, ìwé ni bàbá rẹ̀ ń kà níbí, ìyá rẹ̀ ń nu ọ́fíìsì láàárọ̀, òun náà ń kàwé lọ́sàn-án. Bí ọ̀pọ̀ èèyàn wa ṣe ń ṣe láyé ọjọ́un, wọ́n wá obìnrin òyìnbó kan tí yóò bá wọn tọ́ ọmọ, wọ́n á máa sanwó fún un, wọ́n á sì máa wá wo ọmọ lọ́jọ́ Àìkú. Ọmọ oṣù mẹ́wàá ni Gàníyù nígbà tó dé ọwọ́ obìnrin náà ní Bermondsey. Ọmọ ọdún mẹ́jọ ni nígbà tí wọ́n wá mú un padà. Ó ní òun di ẹsẹ̀ tábìlì mú lọ́jọ́ náà, bàbá tó bí òun sì ń tú ìka òun lọ́kọ̀ọ̀kan. Àwọn òbí rẹ̀ méjèèjì ti lọ bá Ọlọ́run báyìí. Obìnrin tó tọ́ ọ yìí nìkan ló kù fún un láyé, àwọn ni mo bá nílé ọkọ, àwọn sì ni ìyá ọkọ mi. Màmá Bermondsey ni mo ń pè wọ́n. Orúkọ wọn gan-an n kò ní kọ síbí, nítorí ẹ kò kọ́ mi láti máa la orúkọ ìyá ọkọ mọ́lẹ̀.

Ará Scotland ni wọ́n, láti erékùṣù kan tí ìjì kì í jẹ́ kí igi dúró sí. Ọkọ wọn ló mú wọn wá sí Lọ́ńdọ̀nù, ó ń já ẹrù ọkọ̀ ojú omi ní Surrey Quays nígbà tí ibẹ̀ ṣì jẹ́ èbúté, kó tó di ibi tí àwọn èèyàn ń lọ ra bàtà. Ẹni ọdún mẹ́rìndínláàádọ́rùn-ún ni Màmá nígbà tí mo mọ̀ wọ́n.

Màámi, lọ́jọ́ tí wọ́n so yìgì wa tán, ẹ bi mí lórí fóònù pé ta ni yóò bu omi sí mi lẹ́sẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà ilé ọkọ. Mo ní kò sẹ́ni tó mọ̀ ọ́n ṣe níbí. Ẹ ní kò burú, mo sì mọ̀ pé ẹ ń sunkún. Gàníyù gbọ́ ọ̀rọ̀ náà, ó mú mi lọ sí Bermondsey lọ́jọ́ kejì. Nígbà tó ṣàlàyé tán, Màmá rẹ́rìn-ín, wọ́n ní ṣé ìyẹn náà ni wọ́n ń pè ní nǹkan ńlá, ṣé wọn kì í fọ ẹsẹ̀ ìyàwó ní erékùṣù tàwọn ni? Wọ́n ní àwọn obìnrin á kó ara wọn jọ kí ìgbéyàwó tó dé, wọ́n á ti ẹsẹ̀ ìyàwó bọ omi, wọ́n á máa fi ṣe yẹ̀yẹ́, bí ó bá sì ṣojo wọ́n á fi èérú kùn ún. Wọ́n bu omi lílọ́wọ́ọ́wọ́ sínú ike, wọ́n kúnlẹ̀ pẹ̀lú ọjọ́ orí wọn, wọ́n fọ ẹsẹ̀ mi títí kan àárín ìka. Mo ń sunkún, mo ń rẹ́rìn-ín. Ibẹ̀ ni wọ́n ti gbójú sókè wò mí, ojú wọn sì yí padà bíi ti ẹni tó rí ohun tó ti sọ nù tipẹ́. Wọ́n pè mí ní Beathag.

Bí wọ́n ṣe ń kọ ọ́ nìyẹn, Bẹ́hàkì ni ẹnu ń pè é. Mo wo Gàníyù, ilẹ̀ ló ń wò. A ti ń padà bọ̀ wá sílé kó tó sọ fún mi pé Beathag ni ọmọ kan ṣoṣo tí Màmá fi inú ara wọn bí. Nígbà tí wọ́n ti pa èbúté tì, tí kò sí ọkọ̀ kankan níbẹ̀ mọ́, àwọn ọmọdé máa ń lọ ṣeré létí omi náà. Ibẹ̀ ló ti bọ́ sínú omi. Ọmọ ọdún mọ́kànlá ni. Lẹ́yìn rẹ̀ ni Màmá bẹ̀rẹ̀ sí í gba ọmọ ọlọ́mọ tọ́, nítorí ilé náà dákẹ́ jù. Ní báyìí, ìgbàgbé arúgbó ti dé sí wọn. Ó ní wọn kò tíì fi orúkọ náà pe ẹnikẹ́ni rí, àfi èmi.

Màámi, ẹ mọ ohun tí ẹ kọ́ wa. Bí ohùn kan bá pè ọ́ tí o kò mọ ibi tó ti wá, má dáhùn. Bí wọ́n bá fi orúkọ òkú pè ọ́, má jẹ́ ẹ. Ẹ sì tún kọ́ wa pé ìyá ọkọ kì í pe ìyàwó lẹ́ẹ̀mejì, pé “Mà” gbọ́dọ̀ ti wà lẹ́nu rẹ̀ kó tó dìde. Ẹ kò sọ èyí tí n ó tẹ̀ lé fún mi bí méjèèjì bá pàdé lọ́jọ́ kan.

Èyí tó rọrùn ni mo ṣe. Bí mo bá ti kúrò níbi iṣẹ́, mo máa ń lọ sí Bermondsey lọ bá wọn fọ aṣọ, lọ bá wọn se ọbẹ̀. Bí wọ́n bá ti pè mí ní Beathag, màá rọra ní èmi kọ́, Màmá, Kúdírátù ni mí, ìyàwó Gàníyù. Ojú wọn á wálẹ̀. Wọ́n á tọrọ àforíjì lọ́wọ́ mi, bí ẹni pé àwọn ló ṣẹ̀ mí, lẹ́yìn náà wọ́n á bi mí pé Beathag náà ńkọ́, ṣé kò tíì dé láti iléèwé? Bí Gàníyù bá wà níbẹ̀, ṣe ni yóò lọ máa fọ kọ́ọ̀bù tó ti mọ́.

Mo sọ ọ́ fún Àǹtí Sikirá. Ẹ mọ̀ wọ́n, wọ́n gbá àyà débi pé wíìgì tí wọ́n ń yà lọ́wọ́ já bọ́. Wọ́n ní Kúdí, ṣé orí rẹ pé ṣá? Wọ́n ní ẹni tó bá jẹ́ orúkọ òkú ti gba físà lọ́wọ́ òkú nìyẹn, ọjọ́ ìrìnnà nìkan ló kù. Wọ́n ní àwọn kò mú ọmọ ẹ̀gbọ́n àwọn wọ ọkọ̀ òfuurufú wá sí ìlú yìí kí arúgbó tí kò mọ àná yàtọ̀ sí òní wá fi í dí ihò. Wọ́n ní kí n máa fọ aṣọ wọn, kí n máa se ọbẹ̀ wọn, kí n kúnlẹ̀ títí orúnkún mi yóò fi bó, ṣùgbọ́n orúkọ yẹn, kí n má fi etí mi gbà á. Bàámi, n kò bínú sí Àǹtí. Ìfẹ́ ló wà nídìí gbogbo ohun tí wọ́n sọ, mo mọ̀ bẹ́ẹ̀.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan nínú oṣù Kejìlá, ojú Màmá dá. Wọ́n mọ̀ mí, wọ́n pe orúkọ mi dáadáa. Mo bi wọ́n pé kí ni Beathag túmọ̀ sí. Wọ́n ní ìyè. Inú èdè ìbílẹ̀ wọn ni, èdè tó yàtọ̀ sí Gẹ̀ẹ́sì pátápátá, tí Gàníyù ṣì máa ń fi ka ìgò mílíìkì lọ́kọ̀ọ̀kan bí kò bá mọ̀ pé mò ń gbọ́. Wọ́n ní nínú ìran tàwọn, ọmọbìnrin àkọ́bí ló ń jẹ́ orúkọ ìyá tó bí ìyá rẹ̀, èkejì á jẹ́ orúkọ ìyá bàbá rẹ̀, wọn kì í sì í dúró kí ìyá àgbà kú kí wọ́n tó sọ ọ́. Mo ní háà, Màmá, báwo ni ìyàwó yóò ṣe máa fi orúkọ ìyá ọkọ lé ọmọ kiri ilé? Báwo ni yóò ṣe ní ìwọ òmùgọ̀ yìí, fi ìyẹn sílẹ̀, kí ẹni tó ni orúkọ sì jókòó sídìí iná? Wọ́n rẹ́rìn-ín títí wọ́n fi di ẹ̀gbẹ́ mú. Wọ́n ní ibẹ̀ gan-an ló ti dùn, pé ọ̀pọ̀ ìyàwó ló ti gbẹ̀san ọdún mẹ́wàá nípa bẹ́ẹ̀.

Wọ́n ní ọmọ ọba kan láyé àtijọ́ jẹ́ Beathag, ọmọ tó sì bí ló di ọba Scotland. Obìnrin kan tún jẹ́ ẹ tó ṣe olórí àwọn obìnrin olùfọkànsìn ní erékùṣù mímọ́ kan. Ṣùgbọ́n ìyá tàwọn tó jẹ́ ẹ kò ṣe olórí ẹnikẹ́ni. Ilẹ̀ dúdú tí wọ́n ń gé bíi búlọ́ọ̀kù, tí wọ́n ń sá kí wọ́n tó fi dáná, òun ni ó ń fi ẹ̀yìn pọ̀n wálé, ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì á sì máa hun súwẹ́tà lọ́nà. Akọ̀wé tó ń kọ orúkọ ọmọ sílẹ̀ kò gbọ́ èdè wọn, Rebecca ló kọ fún un. Fún ẹlòmíràn, Sophia ni yóò kọ. Rebecca ló wà lórí gbogbo ìwé obìnrin náà títí tó fi kú, kò sì sẹ́ni kan tó fi pè é rí. Wọ́n ní òun ni Beathag kejì tí àwọn òbí rẹ̀ bí. Èyí àkọ́kọ́ kò lo ọ̀sẹ̀ mẹ́ta láyé. Ní ilẹ̀ wọn, bí ọmọ bá kú, wọn kì í sin orúkọ mọ́ ọn, èyí tó bá tẹ̀ lé e ni yóò jẹ́ ẹ. Àwọn àgbà wọn ní bí a bá sin Ìyè, kí ló kù nílé?

Mo ní àwa náà ní irú rẹ̀. A ní Dúrójayé, a ní Málọmọ́, a ní Kòsọ́kọ́. Wọ́n ní kí n túmọ̀ Kòsọ́kọ́. Mo ní ó túmọ̀ sí pé kò sí ọkọ́ mọ́ tí a ó fi gbẹ́ ilẹ̀, kí ọmọ yìí bá wa dúró. Wọ́n ní èyí dára ju tàwọn lọ, pé bí àwọn bá ti mọ̀ ọ́n ni, òun ni àwọn ì bá sọ ọmọ àwọn. Lẹ́yìn náà wọ́n wo ojú fèrèsé, wọ́n ní òjò yìí pọ̀, ṣé Beathag mú kóòtù dání lọ sí iléèwé?

Nínú oṣù Kìíní ni mo mọ̀ pé mo ti lóyún. Áà, Màámi! Mi ò lè dúró kí Gàníyù dé ilé. Mo lọ dúró ní ibùdókọ̀ tí bọ́ọ̀sì rẹ̀ máa ń gbà, nígbà tó ṣí ilẹ̀kùn mo sọ ọ́ sí i létí, ọkùnrin náà sì fi ẹ̀rọ tí wọ́n fi ń kéde nínú bọ́ọ̀sì sọ fún gbogbo èrò pé òun fẹ́ di bàbá, kí wọ́n jọ̀ọ́ dárí jì í bí wọ́n bá pẹ́. Òkè àti ìsàlẹ̀ ló pàtẹ́wọ́. Ìyá kan láti Ghana tí mo wọlé jókòó tì súre fún mi títí mo fi sọ̀.

Àmọ́ Àǹtí Sikirá ní ọ̀rọ̀ ti kọjá tèmi nìkan. Wọ́n ní kí n má tilẹ̀ dé Bermondsey mọ́, pé inú tó ní ọmọ kì í jókòó níbi tí wọ́n ti ń pe òkú. Mo gbọ́ràn sí wọn lẹ́nu. Ọ̀sẹ̀ márùn-ún ni n kò fi ẹsẹ̀ tẹ ibẹ̀. Ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni Gàníyù sọ ọ́. Ó ní Màmá ń béèrè mi, ó ní orúkọ kan lásán ni, kí ló máa gbà lọ́wọ́ mi? Mo dá a lóhùn pé ọmọ ta ló wà níbí, mo sì fọwọ́ gbá inú. Kò sọ ọ́ mọ́. Ó ń lọ, ó ń bọ̀, á bá mi ra èso lọ́nà, á sì bi mí bóyá mo ti jẹun. Bó bá ti bínú sí mi ni, ara ì bá tù mí.

Òtútù àyà ló gbé Màmá dé ọsibítù ní ìparí oṣù Kejì. Mo bá Gàníyù lọ, ṣùgbọ́n ẹnu ọ̀nà wọ́ọ̀dù ni mo dúró sí. Ibẹ̀ ni mo ti gbọ́ ohùn wọn. Kì í ṣe ohùn aláìsàn ni wọ́n fi pè é, ohùn tí ìyá fi ń pe ọmọ láti ojú fèrèsé ni. Wọ́n ní Beathag, wọlé wá, ilẹ̀ ti ń ṣú. Wọ́n dúró díẹ̀. Wọ́n tún un pè. “Mà” kún ẹnu mi, mo sì pa eyín dé. Gàníyù ní mo wà níbí, Mam. Wọ́n ní rárá, ọmọkùnrin mi, ìwọ kọ́, lọ bá mi pe arábìnrin rẹ. Ó jáde wá, ó dúró níwájú mi. Mo fi ẹ̀yìn ti ògiri. Ó padà wọlé, mo sì gbọ́ tó ní ó ń bọ̀ lọ́nà, Mam. Wọ́n tún un pè lẹ́ẹ̀kẹta. Lọ́sàn-án ọjọ́ kejì ni wọ́n kú, ẹni tó ń bọ̀ lọ́nà kò sì tíì dé.

Àǹtí Sikirá bá mi lọ sí ìsìnkú náà, kí n má baà sún mọ́ ihò. Abẹ́ igi kan létí géètì ni wọ́n mú mi dúró sí, wọ́n di apá kóòtù mi mú ṣinṣin. Ọmọ àbúrò Màmá tó ti Scotland wá ti ṣàlàyé àṣà wọn fún wa kí a tó kúrò nílé. Ní ilẹ̀ wọn, àwọn èèyàn olóògbé fúnra wọn ló ń sọ pósí kalẹ̀. Okùn mẹ́jọ ló wà lára rẹ̀, wọ́n á pe orúkọ lọ́kọ̀ọ̀kan, ẹni tí wọ́n bá pè á jáde wá gba okùn tirẹ̀. Màmá ti fọwọ́ ara wọn kọ orúkọ àwọn tí wọ́n fẹ́, wọ́n sì ti lẹ àpòòwé rẹ̀ pa. Kò sẹ́ni tó tú u wò. Ọwọ́ ọkùnrin tó ń darí ìsìnkú ni wọ́n gbé e sí bó ṣe wà.

Okùn kìíní, Gàníyù. Ó jáde. Okùn kejì, Beathag.

Ọkùnrin náà kò lè pè é dáadáa, ṣùgbọ́n gbogbo wa mọ̀ ọ́n. Kò sẹ́ni tó jáde. Ó wo ìwé náà, ó tún un pè. Òjò ń kán. Àwọn arúgbó Bermondsey tó mọ̀tàn ń wo bàtà wọn. Gàníyù di okùn tirẹ̀ mú, kò bojú wẹ̀yìn, kò wá mi. Mo rí ọkùnrin náà tó yọ bírò láti fi pa orúkọ náà rẹ́. Bàámi, n kò ronú nípa físà, n kò ronú nípa omi èbúté. Ohun tí mo rí kò ju pé ìyá ọkọ mi ń pe èèyàn nígbà ìkẹyìn, pé ọkùnrin yìí fẹ́ fi bírò sọ fún wọn pé kò sẹ́ni tó ń jẹ́ bẹ́ẹ̀.

Mo ní mo wà níbí, Mà.

Àǹtí fà mí padà. Mo yọ apá kúrò nínú kóòtù, mo fi í sílẹ̀ lọ́wọ́ wọn. Wọ́n kígbe pé Kúdí, padà wá, Kúdí, ronú ọmọ, wọ́n tún ké sí Ọlọ́run, ẹkún sì gba ẹnu wọn. Mo ń gbọ́ wọn, mo ń lọ. Okùn náà rọ̀, ìdí rẹ̀ ní wajawaja bíi ti kọ́tìnnì ilé olówó. Mo rọra ń tú u sílẹ̀ bí Gàníyù ti ń tú tirẹ̀ sílẹ̀, títí tí ohun tó wà nísàlẹ̀ fi kanlẹ̀.

Ìtàn tí ẹ gbọ́ ìdí rẹ̀ nìyẹn. Mo ti lọ sí kílíníìkì lẹ́yìn náà, ara mi le, nọ́ọ̀sì jẹ́ kí n gbọ́ ọkàn ọmọ, ó ń lù bí ẹni tó ń sáré bá bọ́ọ̀sì. N kò sọ èyí láti fi bá Àǹtí jiyàn, Ọlọ́run nìkan ló mọ ọ̀la. Ẹ sì má rò pé mò ń rí oorun sùn nítorí pé mo ti dáhùn. Ìgbà tí ẹni tó ń pè kò lè gbọ́ mọ́ ni mo dáhùn. Òun ni kì í jẹ́ kí oúnjẹ wọlé. Ayọ̀ ilé ọkọ ṣì wà, mo ń rẹ́rìn-ín, àmọ́ láàárín ẹ̀rín mo máa ń gbọ́ ohùn ojú fèrèsé yẹn.

Bàámi, ẹ̀yin lẹ ó fi orúkọ ránṣẹ́ lọ́jọ́ tí a bá fẹ́ sọmọ lórúkọ, n kò ní gba ẹ̀tọ́ yín. Bó bá jẹ́ obìnrin, ẹ sọ orúkọ tí Ọlọ́run bá fi sí yín lẹ́nu, orúkọ Mùsùlùmí àti orúkọ oríkì. Ẹ̀bẹ̀ mi ni pé kí ẹ fi Beathag sí i, kí ó ti ẹnu yín jáde. Ṣé àwa kọ́ là ń kí òkú káàbọ̀ nínú Yétúndé, tí a sì ń pè é jẹun? Ìyè ni wọ́n ń pe ọmọ tó bọ́ sómi yẹn. Mo fẹ́ kí ẹnìkan wà láyé tí yóò máa jẹ́ ẹ lẹ́ẹ̀kan náà tí wọ́n bá ti pè é. Bí ẹ bá sì kọ̀, n ó gbà, ṣùgbọ́n kí n gbọ́ ọ lẹ́nu yín.

Kí Ọlọ́run dá ẹ̀mí yín sí, kí ẹ fi ọwọ́ ara yín gbé ọmọ yìí jó. Kí ó ṣàánú Màmá Bermondsey. Kí ẹsẹ̀ Ìyá Àgbà lágbára, kí Súlíyá yege. Gàníyù ní kí n kí yín, ó ní ẹ káàárọ̀, aago méje ìrọ̀lẹ́ ló sì lù yìí. Ẹ bá mi kí gbogbo ilé, kí ẹ sì sọ fún Àǹtí Sikirá bí wọ́n bá pè yín pé mo ṣì ń bọ̀ wá gba kóòtù mi.

Bàámi, ẹ pè mí. Orúkọ tó bá wù yín ni kí ẹ fi pè mí, Kúdí, Kúdírátù, tàbí èyíkéyìí tí ìbínú bá fi sí yín lẹ́nu. N kò ní jẹ́ kí ẹ pè é lẹ́ẹ̀mejì.

Èmi ni ọmọ yín,
Kúdírátù